Òfo lẹ́ẹ̀mẹ́rìndínlógún: àkọsílẹ̀ sáà 2017 ẹgbẹ́ Cleveland Browns

Ní ọjọ́ 31, oṣù Kejìlá, ọdún 2017, Pittsburgh Steelers na Cleveland Browns ní àmì 28 sí 24, bẹ́ẹ̀ ni sáà kan ṣe parí tí Browns gbá ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ 16 nínú rẹ̀ láì borí ẹyọ kan, láì tilẹ̀ gbá ọ̀mì. Láti ọdún 1978 tí NFL, líìgì bọ́ọ̀lù Amẹ́ríkà, ti sọ iye ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ sáà kan di 16, ẹgbẹ́ kan ṣoṣo ni irú èyí ti ṣẹlẹ̀ sí ṣáájú wọn, ìyẹn Detroit Lions ní ọdún 2008. Tampa Bay Buccaneers náà pàdánù gbogbo 14 tí wọ́n gbá ní ọdún 1976, ṣùgbọ́n ọdún yẹn gan-an ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ dá wọn sílẹ̀, àwọn agbábọ́ọ̀lù tí àwọn ẹgbẹ́ yòókù kò fẹ́ mọ́ ni ó sì pọ̀ jù nínú wọn. Browns kò ní irú àwáwí bẹ́ẹ̀. Ẹgbẹ́ àtijọ́ ni wọ́n, olówó ni ó ni wọ́n, nígbà tí oṣù Kẹta ọdún náà sì dé, owó tí òfin líìgì gbà wọ́n láyè láti ná lórí agbábọ́ọ̀lù lé ní mílíọ̀nù 100 dọ́là. Ohun tí a fẹ́ tú wò níhìn-ín ni bí àwọn ènìyàn tí wọ́n kàwé, tí wọ́n lówó lọ́wọ́, tí wọ́n sì ní ètò tí wọ́n ń tẹ̀ lé, ṣe fẹsẹ̀ ara wọn rìn dé ìdí òdo.

Ẹni tí ó bá jẹ́ bọ́ọ̀lù aláfẹsẹ̀gbá ni ó mọ̀ yóò kọ́kọ́ fẹ́ mọ ìdí tí ẹgbẹ́ kan yóò fi fara balẹ̀ máa pàdánù bẹ́ẹ̀. Ní Nàìjíríà, ẹgbẹ́ tí ó bá sùn sí ìsàlẹ̀ tábìlì yóò já kúrò nínú líìgì. Ní ọdún 2017 kan náà ni Shooting Stars ti Ìbàdàn àti Remo Stars já, ojú olólùfẹ́ wọn sì rí màbo. Kò sí èyí nínú NFL. Ẹgbẹ́ 32 ni ó wà níbẹ̀, kò sí ẹni tí ó ń já, kò sì sí ẹni tí ó ń gòkè wá láti ìsàlẹ̀. Owó tẹlifíṣọ̀n tí líìgì ń gbà, ọgbọọgba ni wọ́n ń pín in fún ẹni tí ó borí àti ẹni tí ó pàdánù. Èyí tí ó tún ya àlejò lẹ́nu jù ni ètò tí wọ́n ń pè ní draft, níbi tí àwọn ẹgbẹ́ ti ń yan àwọn ọ̀dọ́ tí ó ń jáde bọ̀ láti yunifásítì: ẹgbẹ́ tí ó burú jù ní sáà tí ó kọjá ni ó ń kọ́kọ́ yàn, ẹni tí ó gba ife-ẹ̀yẹ ni ó sì ń yàn kẹ́yìn. Ẹ̀tọ́ ìyàn yìí ṣeé tà, ó ṣeé fi ṣe pàṣípààrọ̀, ó sì ṣeé fi gba ti ọdún iwájú. Bákan náà, líìgì ní gbèdéke tí iye owó agbábọ́ọ̀lù kò gbọdọ̀ kọjá lọ́dọọdún, ẹgbẹ́ tí kò bá sì ná tirẹ̀ tán lè gbé èyí tí ó kù wọ inú ọdún tí ó ń bọ̀. Òfin náà kò sọ fún ẹnikẹ́ni pé kí ó máa pàdánù, ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá ka òfin náà dáadáa yóò rí i pé ìpàdánù ní èrè nínú.

Àwọn tí wọ́n kà á dáadáa ni Browns gbà sí iṣẹ́ ní oṣù Kìíní ọdún 2016. Jimmy Haslam, tí ìdílé rẹ̀ ni ilé-epo Pilot Flying J nígbà náà, ti ra ẹgbẹ́ náà ní ọdún 2012, ó sì ti lé akọ́nimọ̀ọ́gbá mẹ́ta láàárín ìgbà náà. Lọ́tẹ̀ yìí, ó fi ìkáwọ́ ètò agbábọ́ọ̀lù lé Sashi Brown lọ́wọ́, agbẹjọ́rò tí ó ti ń bójú tó ọ̀rọ̀ òfin fún ẹgbẹ́ náà tẹ́lẹ̀. Ó mú Paul DePodesta wá láti inú eré baseball, ẹni tí òkìkí rẹ̀ ti kàn nígbà tí ó ń fi ìṣirò yan agbábọ́ọ̀lù fún Oakland Athletics. Lẹ́yìn náà ni ó gba Hue Jackson gẹ́gẹ́ bí akọ́nimọ̀ọ́gbá, ọkùnrin tí ó ti ń darí ìkọlù Cincinnati Bengals, tí gbogbo ayé sì mọ̀ pé iṣẹ́ rẹ̀ ni kí ó mú ọ̀dọ́ kọ́tábáàkì, ìyẹn ẹni tí ó ń ju bọ́ọ̀lù tí ó sì ń darí ìkọlù ẹgbẹ́, kí ó sì sọ ọ́ di ọ̀gá. Brown àti DePodesta ń wo ọdún mẹ́rin sí márùn-ún sí iwájú. Jackson ń wo Ọjọ́ Àìkú tí ó ń bọ̀. Brown àti Jackson kò sí lábẹ́ ara wọn; Haslam ni olúkúlùkù ń jíyìn fún. Lójú tèmi, ibi yìí ni ẹjọ́ náà ti bẹ̀rẹ̀, ṣáájú kí ẹnikẹ́ni tó gbá bọ́ọ̀lù.

Ètò Brown ṣe kedere: kí wọ́n jẹ́ kí àwọn àgbà agbábọ́ọ̀lù tí owó wọn wọ́n máa lọ, kí wọ́n kó ẹ̀tọ́ ìyàn jọ bí ó bá ti lè pọ̀ tó, kí wọ́n sì tọ́jú owó. Ó dà bí àgbẹ̀ tí ó sọ gbogbo iṣu oko di èbù, tí ilé kò sì rí iyán jẹ lọ́dún náà. Sáà 2016 parí pẹ̀lú ìborí kan ṣoṣo láàárín 16, èyí tí wọ́n rí ní ọjọ́ 24, oṣù Kejìlá, nígbà tí wọ́n na San Diego Chargers ní 20 sí 17. Jackson sọ nígbà náà pé òun yóò bẹ́ sínú Adágún Erie bí irú èsì bẹ́ẹ̀ bá tún wáyé ní ọdún tí ó ń bọ̀. Kò ronú pé èyí tí ó burú ju ìyẹn lọ lè wáyé.

Ó yẹ kí a fara balẹ̀ tẹ̀ lé ẹ̀tọ́ ìyàn kan ṣoṣo, nítorí pé inú rẹ̀ ni gbogbo ìtàn náà wà. Nínú draft ọdún 2016, Browns ni ó ni ipò kejì. Carson Wentz, kọ́tábáàkì láti yunifásítì North Dakota State, wà nílẹ̀ fún wọn láti mú. Wọn kò mú un. Wọ́n ta ipò náà fún Philadelphia Eagles, wọ́n sì gba ọ̀pọ̀ ẹ̀tọ́ ìyàn dípò rẹ̀, lára èyí tí ipò kẹjọ ọdún náà àti ẹ̀tọ́ ìpele kìíní Philadelphia (ìpele méje ni draft ní) fún ọdún 2017 wà. DePodesta jáde sọ̀rọ̀ lẹ́yìn náà pé àwọn kò gbà pé Wentz yóò wọ àárín 20 kọ́tábáàkì tí ó dára jù nínú líìgì. Wọ́n tún ta ipò kẹjọ fún Tennessee Titans, wọ́n sì sọ̀kalẹ̀ lọ sí ipò 15, níbi tí wọ́n ti mú Corey Coleman, ẹni tí iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ láti sáré lọ gba bọ́ọ̀lù. Nígbà tí ọdún 2017 dé, ẹ̀tọ́ Philadelphia já sí ipò 12. Deshaun Watson, kọ́tábáàkì tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ gba ife-ẹ̀yẹ àwọn yunifásítì pẹ̀lú Clemson, ṣì wà nílẹ̀. Wọn kò mú òun náà. Wọ́n ta ipò 12 fún Houston Texans, wọ́n gba ipò 25, wọ́n sì tún gba ẹ̀tọ́ ìpele kìíní Houston fún ọdún 2018. Houston mú Watson ní kíá. Nípa báyìí, ẹ̀tọ́ kan ṣoṣo ti gba iwájú kọ́tábáàkì méjì kọjá, ó sì ti di oríṣiríṣi ìwé ìlérí fún ọjọ́ iwájú.

Mi ò sọ pé ìṣirò wọn kò tọ̀nà. Bí a bá kó àwọn ẹ̀tọ́ náà sórí tábìlì tí a sì díye lé wọn, èrè ni Browns jẹ nínú pàṣípààrọ̀ méjèèjì. Ṣùgbọ́n kọ́tábáàkì nìkan ni agbábọ́ọ̀lù tí ẹgbẹ́ kò lè fi ènìyàn mẹ́ta tí ó dára díẹ̀díẹ̀ rọ́pò. Ẹgbẹ́ tí kò bá ní i, kò sí ohun tí ó lè fi àwọn tí ó kù ṣe.

Nínú draft ọdún 2017 náà, Browns fi ipò kìíní mú Myles Garrett láti Texas A&M, ẹni tí iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ láti máa wó kọ́tábáàkì alátakò lulẹ̀, kò sì sí ẹni tí ó lè dá wọn lẹ́bi lórí ìyẹn títí di òní. Wọ́n fi ipò 25 mú Jabrill Peppers, wọ́n sì gòkè lọ sí ipò 29 láti mú David Njoku, ọmọ tí àwọn òbí rẹ̀ wá láti Nàìjíríà. Nígbà tí ó di ipò 52 ni wọ́n tó mú kọ́tábáàkì: DeShone Kizer láti Notre Dame, ọmọ ọdún 21. Ṣáájú ìyẹn, ní oṣù Kẹta, wọ́n ti ṣe ohun kan tí líìgì kò rí irú rẹ̀ rí. Wọ́n gba Brock Osweiler lọ́wọ́ Houston, kọ́tábáàkì tí owó rẹ̀ tí kò ṣeé yẹ̀ fún ọdún náà jẹ́ mílíọ̀nù 16 dọ́là, kì í ṣe nítorí pé wọ́n fẹ́ ẹ, bí kò ṣe pé Houston fi ẹ̀tọ́ ìpele kejì fún ọdún 2018 kún un kí wọ́n lè bá àwọn gbé ẹrù náà kúrò. Lọ́rọ̀ kan, wọ́n fi owó ra ẹ̀tọ́ ìyàn. Ní ọjọ́ 1, oṣù Kẹsàn-án, wọ́n lé Osweiler dànù láì jẹ́ kí ó gbá ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ kan tí ó ka fún wọn, wọ́n sì ń san èyí tí ó pọ̀ jù nínú owó rẹ̀ lọ bẹ́ẹ̀.

Ó yẹ kí a sọ ọ́ pẹ̀lú pé wọ́n náwó díẹ̀. Wọ́n ra Kevin Zeitler àti JC Tretter láti fi dí ojú odi tí ó ń dáàbò bo kọ́tábáàkì, owó náà sì kò ṣòfò. Ṣùgbọ́n wọ́n jẹ́ kí Terrelle Pryor lọ, ẹni tí ó gba bọ́ọ̀lù jù fún wọn ní ọdún 2016, wọ́n sì fi Kenny Britt rọ́pò rẹ̀, èyí tí kò já mọ́ nǹkan kan. Ní ọjọ́ 30, oṣù Kẹjọ, wọ́n tú Joe Haden sílẹ̀, ọ̀kan nínú àwọn agbẹ̀yìn tí ó dára jù tí wọ́n ní, kí ilẹ̀ ọjọ́ náà sì tó ṣú, ó ti fọwọ́ sí ìwé àdéhùn pẹ̀lú Pittsburgh. Nígbà tí sáà bẹ̀rẹ̀, ẹgbẹ́ tí ọjọ́ orí àwọn agbábọ́ọ̀lù rẹ̀ kéré jù nínú gbogbo NFL ni Browns.

Ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ kìíní wáyé ní Cleveland ní ọjọ́ 10, oṣù Kẹsàn-án, Pittsburgh sì ni alátakò, tòun ti Haden. Kizer kọ́kọ́ gba bọ́ọ̀lù, ìkọlù rẹ̀ kò dé ibì kankan, Browns fẹ́ fi ẹsẹ̀ gbá bọ́ọ̀lù náà jìnnà sí ilé wọn, Pittsburgh dí i, wọ́n sì ṣubú lé e ní orí ìlà. Touchdown, ìyẹn àmì mẹ́fà tí ẹgbẹ́ ń gbà bí bọ́ọ̀lù bá wọ ilé alátakò. Bí sáà náà ṣe ṣílẹ̀kùn nìyẹn. Síbẹ̀, 21 sí 18 ni wọ́n parí rẹ̀ sí, àwọn tí wọ́n wò ó sì sọ pé ọmọ náà ṣe dáadáa. Baltimore na wọ́n ní 24 sí 10, Indianapolis ní 31 sí 28, Cincinnati ní 31 sí 7. Lẹ́yìn náà ni New York Jets wá sí Cleveland ní ọjọ́ 8, oṣù Kẹwàá. Ọjọ́ yẹn ni Garrett, tí ẹsẹ̀ ti ń dùn láti ìbẹ̀rẹ̀ sáà, kọ́kọ́ wọ pápá, ó sì wó kọ́tábáàkì Jets lulẹ̀ ní ìgbà àkọ́kọ́ tí ó fẹsẹ̀ tẹ koríko. Ṣùgbọ́n Zane Gonzalez, ẹni tí ó ń fi ẹsẹ̀ gbá bọ́ọ̀lù sáàárín òpó fún àmì mẹ́ta, tàsé lẹ́ẹ̀mejì, Kizer sọ bọ́ọ̀lù nù, Jackson sì fi Kevin Hogan rọ́pò rẹ̀ ní ìdajì. Jets lọ pẹ̀lú 17 sí 14.

Tí a bá wo iye àmì nìkan, àwọn ènìyàn tí wọ́n ń bú ẹgbẹ́ yìí pé kò mọ nǹkan kan kò sòótọ́. Ìpàdánù mẹ́rin ni ó jẹ́ pé àmì mẹ́ta péré ni ó wà láàárín wọn: ti Pittsburgh àkọ́kọ́, ti Indianapolis, ti Jets, àti ti Tennessee tí ó wọ àfikún àkókò. Ti Green Bay jẹ́ mẹ́fà, ti Pittsburgh ìkẹyìn jẹ́ mẹ́rin. Ẹgbẹ́ tí ó bá kàn jẹ́ aláìlágbára lásán yẹ kí ó rí méjì tàbí mẹ́ta mú nínú mẹ́fà yẹn. Ohun tí kò jẹ́ kí wọ́n rí i mú ni iye ìgbà tí wọ́n fi bọ́ọ̀lù lé alátakò lọ́wọ́. Ní gbogbo sáà náà, wọ́n sọ bọ́ọ̀lù nù fún alátakò ní ìgbà 41, wọ́n sì rí tiwọn gbà ní ìgbà 13 péré. Kizer nìkan ju bọ́ọ̀lù 22 sọ́wọ́ alátakò, èyí tí ó pọ̀ jù nínú líìgì, touchdown 11 ni ó sì ju. Bọ́ọ̀lù tí ó ń sọ nù náà kì í ṣe ní àárín pápá nìkan. Ẹnu ọ̀nà alátakò ni ọ̀pọ̀ rẹ̀ ti ń ṣẹlẹ̀, níbi tí àmì ti fẹ́rẹ̀ẹ́ dájú.

Mo rò pé àpẹẹrẹ Detroit ni ó tú àṣírí jù. Ní ọjọ́ 12, oṣù Kọkànlá, Browns wà ní yáàdì méjì sí ilé Lions, ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀ ló kù kí ìdajì àkọ́kọ́ parí, Lions ń borí ní 17 sí 10, wọn kò sì ní àṣẹ láti dá aago dúró mọ́. Ọmọ tí kò tíì gbó kò mọ̀ pé nírú àkókò bẹ́ẹ̀ a kì í gbé bọ́ọ̀lù sáré sínú èrò, nítorí pé bí wọ́n bá mú ọ, aago kò ní í dúró. Kizer gbé e, ó kì í mọ́ àyà, ó fẹ́ fi orí gbún ọ̀nà. Wọ́n mú un. Aago tán kí ẹnikẹ́ni tó tò. Wọn kò rí touchdown, wọn kò sì rí àmì mẹ́ta tí wọn ìbá fi ẹsẹ̀ gbá láì sí wàhálà. Ẹ̀bi ta ni? Ọmọ ọdún 21 ni ó ṣe é, ṣùgbọ́n iṣẹ́ akọ́nimọ̀ọ́gbá ni kí ọmọ náà ti mọ̀ kí ó tó wọ inú pápá, iṣẹ́ àwọn tí ó kó ẹgbẹ́ jọ sì ni kí àgbàlagbà kọ́tábáàkì kan wà ní ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ tí yóò kọ́ ọ. Nínú yàrá kọ́tábáàkì Browns ní ọdún yẹn, Kizer, Hogan àti Cody Kessler ni ó wà níbẹ̀, kò sì sí ẹni tí ó gbó nínú wọn.

Kò tán síbẹ̀. Ní ọjọ́ 22, oṣù Kẹwàá, nígbà tí wọ́n ń gbá Tennessee, Joe Thomas di apá òsì rẹ̀ mú, ó sì jáde kúrò nínú pápá. Láti ọdún 2007 tí wọ́n ti yàn án, Thomas kò tíì jáde fún ìgbà kan rí. Gbogbo ìgbà tí ìkọlù Browns bá ti tò, òun ni ó ń ṣọ́ apá òsì kọ́tábáàkì, 10,363 ìgbà léraléra, èyí tí kò sí ẹlòmíràn tí wọ́n ti ka irú rẹ̀ fún nínú líìgì. Iṣan ẹ̀yìn apá rẹ̀ ti já. Kò padà wá mọ́. Ó fẹ̀yìn tì ní oṣù Kẹta ọdún 2018, wọ́n sì fi orúkọ rẹ̀ sínú Gbọ̀ngàn Àwọn Akọni ní ọdún 2023. Ní oṣù Kọkànlá, Emmanuel Ogbah, tí wọ́n bí ní Èkó kí ó tó ṣí lọ sí Houston ní ọmọdé, fi ẹsẹ̀ ṣẹ́ nínú ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ Jacksonville. Òun àti Garrett ni wọ́n ti fẹ́ kọ́ ilé ìdáàbòbò náà lé lórí.

Ohun tí ó fi hàn gbangba pé ilé náà ti pín sí méjì ni ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní ọjọ́ 31, oṣù Kẹwàá, ọjọ́ méjì lẹ́yìn èyí tí Minnesota Vikings nà wọ́n ní Lọ́ńdọ̀nù, ní pápá Twickenham, tí wọ́n sì padà sílé. Ọjọ́ náà ni ìgbà pàṣípààrọ̀ agbábọ́ọ̀lù ń parí, aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ sì ni ilẹ̀kùn ń tì. Jackson ti ń fẹ́ AJ McCarron, kọ́tábáàkì tí ó ti bá ṣiṣẹ́ ní Cincinnati. Ní ìṣẹ́jú ìkẹyìn, Browns gbà láti fi ẹ̀tọ́ ìpele kejì àti ti ìpele kẹta rà á. Ìwé Bengals dé ọ́fíìsì líìgì lásìkò. Ti Browns kò dé bí ó ṣe yẹ kí aago tó lù. Líìgì kọ̀ ọ́, McCarron dúró sí Cincinnati. Àwọn kan sọ pé àṣìṣe ni. Àwọn kan sì sọ pé ẹni tí kò fẹ́ san owó náà ni ó fọwọ́ fà á. Èmi kò ní í gbè sí ẹ̀yìn ẹnikẹ́ni, ṣùgbọ́n ẹgbẹ́ tí irú ìfura yẹn lè rí ibi fìdí jókòó sí láàárín àwọn ènìyàn rẹ̀ kò nílò alátakò láti òde. Ní ọjọ́ tí ó ṣáájú ìyẹn, San Francisco 49ers, tí àwọn náà kò tíì borí ẹnikẹ́ni, fi ẹ̀tọ́ ìpele kejì kan gba Jimmy Garoppolo lọ́wọ́ New England. Ẹ̀tọ́ ìpele kejì mẹ́ta ni Browns ní lọ́wọ́ fún ọdún 2018. Garoppolo bẹ̀rẹ̀ ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ márùn-ún fún San Francisco, ó sì borí nínú gbogbo wọn.

Ní ọjọ́ 7, oṣù Kejìlá, Haslam lé Sashi Brown, ó sì gba John Dorsey, tí ó ti ṣiṣẹ́ ní Kansas City, ní ọjọ́ kan náà. Ó kéde pé Jackson yóò dúró títí di sáà tí ó ń bọ̀. Ọ̀rọ̀ yìí ni ó ṣòro fún mi jù láti lóye nínú gbogbo ìtàn náà. Wọ́n gba ọkùnrin kan láti máa pàdánù lónìí nítorí ọ̀la, ó ṣe é, wọ́n sì lé e nígbà tí ọ̀la náà kù díẹ̀. Ẹni tí wọ́n gbà láti máa borí lónìí kò borí, òun ni wọ́n sì fi sílẹ̀. Bóyá Haslam rò pé kò sí akọ́nimọ̀ọ́gbá tí ìbá borí pẹ̀lú irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n a ti rí Detroit àti Jets, ibi tí ẹgbẹ́ náà kò ti kù sí ohun púpọ̀.

Ọjọ́ mẹ́ta lẹ́yìn náà ni ọ̀kan tí ó dun àwọn ará Cleveland jù wáyé. Green Bay Packers wá láì ní Aaron Rodgers, tí eegun èjìká rẹ̀ ti ṣẹ́. Browns ń borí ní 21 sí 7 nígbà tí ìdá kẹrin bẹ̀rẹ̀. Packers gba ọ̀kan padà, Trevor Davis sá bọ́ọ̀lù kan padà láti ọ̀nà jíjìn, wọ́n sì mú un dọ́gba nígbà tí ìṣẹ́jú àáyá 17 ló kù. Nínú àfikún àkókò, Clay Matthews ká Kizer mọ́, Kizer sì ju bọ́ọ̀lù sókè dípò kí ó gbà kí wọ́n wó òun lulẹ̀. Alátakò já a gbà. Davante Adams parí rẹ̀, 27 sí 21. Baltimore tẹ̀ lé e, lẹ́yìn náà ni Chicago nínú yìnyín ní ọjọ́ tí ó ṣáájú Kérésìmesì, 20 sí 3.

Ní Pittsburgh, ní ọjọ́ ìkẹyìn, Steelers fi àwọn ọ̀gá wọn sí ìsinmi. Landry Jones ni ó gbá ipò Ben Roethlisberger. Kò sí àǹfààní tí ó ju èyí lọ. Nígbà tí ó kù ìṣẹ́jú díẹ̀, Browns wà ní agbègbè ilé Pittsburgh, ìgbìyànjú kẹrin sì ni, ìkẹyìn nìyẹn. Kizer sá fún àwọn tí ó ń lépa rẹ̀, ó rí Corey Coleman tí kò sí ẹnikẹ́ni lára rẹ̀, ó sì jù ú sí i. Bọ́ọ̀lù náà dé ọwọ́ Coleman méjèèjì. Ó bọ́. Ẹ rántí pé Coleman ni èso àkọ́kọ́ tí wọ́n ká lára ẹ̀tọ́ Wentz. Ní oṣù Kẹjọ ọdún 2018, wọ́n fi òun náà fún Buffalo Bills nítorí ẹ̀tọ́ ìpele keje kan, èyí tí ó kéré jù tí ẹgbẹ́ lè fúnni.

Ní ọjọ́ 6, oṣù Kìíní ọdún 2018, ẹgbẹẹgbẹ̀rún olólùfẹ́ Browns jáde nínú òtútù tí ó ń ge ènìyàn lára, wọ́n gbé pósí, wọ́n kọ àkọlé ẹ̀fẹ̀, wọ́n sì rìn yí pápá ìṣeré wọn ká ní àwòrán òdo. Wọ́n ti pète irú rẹ̀ ní ọdún 2016, ìborí lórí Chargers ni kò jẹ́ kí ó wáyé. Owó tí ó ṣẹ́ kù nínú ìnáwó náà ni wọ́n fún ilé ìpamọ́ oúnjẹ àwọn aláìní ní ìlú náà. Àwọn agbábọ́ọ̀lù kan bínú sí ìwọ́de yìí. N kò dá wọn lẹ́bi, ṣùgbọ́n ìlú tí ẹni tí ó ni ẹgbẹ́ rẹ̀ ti kó o lọ sí Baltimore lẹ́yìn sáà 1995, tí wọ́n sì dúró di ọdún 1999 kí òmíràn tó dé, ní ẹ̀tọ́ láti fi ìbànújẹ́ rẹ̀ ṣe yẹ̀yẹ́ bí ó bá ṣe wù ú. Ní oṣù tí ó tẹ̀ lé e ni Philadelphia gba ife-ẹ̀yẹ Super Bowl, sáà tí Wentz ti tàn bí ọ̀sán fún wọn kí orúnkún rẹ̀ tó já.

Ní ọdún 2022, Jackson sọ àwọn ọ̀rọ̀ kan tí ó jẹ́ kí àwọn ènìyàn rò pé Browns ti fi owó ẹ̀bùn dá a lọ́lá láti pàdánù. Líìgì yan àwọn aṣèwádìí láti òde, wọ́n sì kéde ní oṣù Karùn-ún ọdún náà pé àwọn kò rí ẹ̀rí kankan. Mo gbà bẹ́ẹ̀. Kò sí agbábọ́ọ̀lù tí yóò jẹ́ kí wọ́n fọ́ òun lẹ́gbẹ̀ẹ́ nítorí ipò kìíní nínú draft tí ẹlòmíràn yóò wá jẹ, Jackson fúnra rẹ̀ kò sì ṣe bí ẹni tí ó fẹ́ pàdánù. Ṣùgbọ́n ìyàtọ̀ wà láàárín kí a sọ fún ènìyàn pé kí ó pàdánù àti kí a má ṣe fún un ní ohun tí yóò fi borí. Èkejì yìí ni Browns ṣe, wọ́n sì ṣe é ní ojú mọ́mọ́.

Èbù tí Brown kó jọ hù, lọ́wọ́ ẹlòmíràn. Nínú draft ọdún 2018, Dorsey fi ipò kìíní mú kọ́tábáàkì Baker Mayfield, ó fi ipò kẹrin tí ó ti ọ̀dọ̀ Houston wá mú Denzel Ward, ó sì fi ẹ̀tọ́ tí wọ́n tìtorí rẹ̀ gba Osweiler mú Nick Chubb. Jackson bẹ́ sínú Adágún Erie ní ọjọ́ 1, oṣù Kẹfà, gẹ́gẹ́ bí ó ti ṣèlérí. Ní ọjọ́ 20, oṣù Kẹsàn-án, Mayfield wọlé láti orí àga, Browns sì na Jets ní 21 sí 17, ìborí àkọ́kọ́ láàárín ọjọ́ 635. Wọ́n lé Jackson ní ọjọ́ 29, oṣù Kẹwàá. Ìborí mẹ́ta, ìpàdánù 36 àti ọ̀mì kan ni ó fi sílẹ̀. Ní sáà 2020, lábẹ́ Kevin Stefanski, wọ́n borí nínú 11, wọ́n sì lọ na Pittsburgh ní 48 sí 37 ní ilé wọn ní oṣù Kìíní ọdún 2021, pẹ̀lú Mayfield, Chubb àti Garrett. Ní oṣù Kẹta ọdún 2022, Browns tún lọ bá Houston dúnàádúrà, wọ́n fún wọn ní ẹ̀tọ́ ìpele kìíní mẹ́ta pẹ̀lú àwọn mìíràn, wọ́n sì kọ ìwé àdéhùn mílíọ̀nù 230 dọ́là tí kò ṣeé yẹ̀, kí wọ́n lè gba kọ́tábáàkì kan. Deshaun Watson ni.